Ihò Inú Egungun Àbùùbùtán

Aránṣọ ni Ìyá Abẹ́rẹ́ kó tó di pé ó ń bá egungun ṣiṣẹ́. Ọ̀kan ni nínú àwọn aránṣọ tí kì í kánjú, tí oníbàárà máa ń bínú sí nígbà tí aṣọ kò bá tètè jáde, tí wọ́n á sì tún padà wá nítorí pé ohun tó bá rán kì í tú. Ibi tí ayé rẹ̀ ti yí ni ọjọ́ tí mùsíọ́mù ìlú, ilé tí wọ́n ti ń tọ́jú nǹkan àtijọ́, pè é pé kó wá rán àwọn àpò fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ tí wọ́n á máa tẹ́ sábẹ́ egungun àtijọ́ kó má baà sán. Ó rán àpò náà tán, ó yẹ kó máa lọ sílé, ṣùgbọ́n ó rí obìnrin kan ní yàrá ẹ̀yìn tó tẹrí mọ́ nǹkan kan lábẹ́ iná, tó ń fi abẹ́rẹ́ ha òkúta díẹ̀díẹ̀ kúrò lára eyín ẹja kan. Ó dúró, ó ń wò ó. Obìnrin náà kò gbójú sókè, ó kàn sọ pé, "Ẹ jókòó, Mà. Ìdúró yẹn á dùn yín lẹ́sẹ̀."

Ọ̀jọ̀gbọ́n nìyẹn, onímọ̀ nípa ẹranko àtijọ́. Ó kéré sí Ìyá Abẹ́rẹ́ lọ́jọ́ orí dáadáa, ṣùgbọ́n awò ojú rẹ̀ nípọn ju ti ìyá arúgbó lọ. Nígbà tó yá, ó na abẹ́rẹ́ náà sí aránṣọ pé kó dán an wò. Aránṣọ dán an wò. Ìgbà tó máa fi gbórí sókè, àwọn ẹ̀ṣọ́ ti ń ti fèrèsé, eyín ẹja náà sì ti yọ jáde mọ́ tónítóní. Kò pẹ́ sígbà náà tí wọ́n gbà á síṣẹ́. Iṣẹ́ rẹ̀ kò ju pé kó yọ egungun kúrò nínú òkúta láìjẹ́ kí egungun náà mọ̀, bí òun fúnra rẹ̀ ṣe máa ń sọ ọ́.

Àwọn ọmọ ilé-ìwé tó ń wá wo mùsíọ́mù ló jẹ́ kí orúkọ náà mọ́ ọn lára. Olùkọ́ wọn á ní, "Ẹ kí Ìyá Abẹ́rẹ́," àwọn tó kéré jù nínú wọn á sì sá sẹ́yìn olùkọ́, torí wọ́n rò pé ó fẹ́ gún wọn lábẹ́rẹ́ ní ìdí.

Káfíńtà ni gbogbo àdúgbò ń pe ọkọ rẹ̀, nítorí iṣẹ́ rẹ̀ nìyẹn. Òrùlé ló ń kàn jù. Ọkùnrin gíga ni, aláwàdà, ẹni tó máa ń sọ fún àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ pé, "Òkú ni ìyàwó mi ń bá ṣiṣẹ́, àmọ́ òkú tó ti pẹ́, tí kò lè yọ ẹnikẹ́ni lẹ́nu mọ́." Àwọn ọmọ wọn obìnrin ti dàgbà, wọ́n ti lọ sílé ọkọ. Ilé ku àwọn méjèèjì.

Lọ́dún tí ọ̀rọ̀ yìí ṣẹlẹ̀, wọ́n gbé òkúta kan wá sí mùsíọ́mù láti orí òkè tí wọ́n ti ń fọ́ òkúta fún títì. Awakọ̀ katakata kan ló rí ohun tó rí róbótó lára ògiri òkè náà. Ó rò pé páìpù ni, ló bá pa ẹ́ńjìnnì. Kò tètè rí i, nítorí èyí tó pọ̀ jù nínú rẹ̀ ti gba inú ẹ̀rọ tó ń fọ́ òkúta kọjá. Egungun ìhà àti egungun ẹ̀yìn àbùùbùtán ló kù, ó wà nínú òkúta ẹfun tó le bíi sìmẹ́ǹtì.

"Àbùùbùtán lórí òkè kẹ̀?" Ìyá Abẹ́rẹ́ béèrè. "Kí ló wá débẹ̀?"

"Òkè ló wá bá a, Mà," Ọ̀jọ̀gbọ́n dáhùn. "Ìsàlẹ̀ òkun nibẹ̀ yẹn nígbà tó kú. Ilẹ̀ ló ń gbéra sókè díẹ̀díẹ̀. Ó tó ọgbọ̀n mílíọ̀nù ọdún."

Ó bu ẹrẹ̀ tó ti gan mọ́ egungun náà, ó fi hàn án lábẹ́ awò tó ń sọ nǹkan kékeré di ńlá. Ẹrẹ̀ náà kúnná bí àtíkè. Kò sí iyanrìn nínú rẹ̀, kò sí àmì ewé, kò sí ohunkóhun tí ìgbì etíkun lè gbé wá. Ìkarahun tí kò tó orí abẹ́rẹ́ ló kún inú rẹ̀, irú èyí tó jẹ́ pé lónìí, inú ibú tí oòrùn kò dé nìkan ni wọ́n ti ń rí wọn bù jáde. Ohun tí Ọ̀jọ̀gbọ́n fi mọ̀ nìyẹn pé àbùùbùtán náà kò kú sétí omi. Ó rì lọ sísàlẹ̀ pátápátá ni, síbi tó ṣókùnkùn, tó tutù nini, tí koríko kan ò lè hù. Àwọn ohun ẹlẹ́mìí tó ń gbé irú ibẹ̀ kò fẹ́rẹ̀ẹ́ ní oúnjẹ mìíràn ju ohun tó bá já bọ́ láti òkè.

"Tí irú ẹran ńlá báyìí bá wá já bọ́ sí wọn láàárín ńkọ́?"

"Á tó wọn jẹ fún ọ̀pọ̀ ọdún, Mà. Ohun tí mo fẹ́ mọ̀ gan-an nìyẹn. Ṣé wọ́n ti ń jẹ ẹ́ báyẹn láyé ìgbà náà, àwọn wo ló sì ń jẹ ẹ́?"

"Wọ́n á máa bù ú, wọ́n á máa bù ú," Ìyá Abẹ́rẹ́ sọ, ó ń mi orí. "Ẹni tó sọ ọ́ ní àbùùbùtán kúkú mọ ohun tó ń sọ."

Abẹ́rẹ́ kò ran òkúta yìí. Ásíìdì ni wọ́n fi ń yọ ọ́, èyí tí kò fi bẹ́ẹ̀ lágbára, tó ń rùn bíi fínígà, tí wọ́n sì ti fi omi là. Òkúta ẹfun ló ń jẹ, kì í tètè jẹ egungun. Ṣùgbọ́n tó bá pẹ́ jù nínú rẹ̀, egungun náà lè lọ. Nítorí náà, Ìyá Abẹ́rẹ́ á gbé òkúta sínú ike ńlá láàárọ̀, á gbé e jáde kí oòrùn tó rọ̀, á fi omi tó mọ́ ṣàn án títí òórùn yẹn á fi lọ, á jẹ́ kó gbẹ, á fi gúlù kun ibi tí egungun bá ti yọjú, kó tó tún dá a padà sínú ike. Ó ń lọ bẹ́ẹ̀, ó ń bọ̀ bẹ́ẹ̀. Egungun ìhà àkọ́kọ́ ti ń yọjú bí èèyàn tó ń tú aṣọ kúrò lórí.

Láàárọ̀ ọjọ́ kan, kò tíì pẹ́ tó gbé òkúta sínú ike tí fóònù rẹ̀ dún. Ẹni tó ń bá ọkọ rẹ̀ ṣiṣẹ́ ni. Káfíńtà ti já bọ́ láti orí òrùlé. Ó ń mí, ó ń sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n ẹsẹ̀ rẹ̀ kan ti kọjú síbi tí ẹsẹ̀ kì í kọjú sí. Ìyá Abẹ́rẹ́ bọ́ ìbọ̀wọ́, ó gbá báàgì mú, ó ti ilẹ̀kùn, ó sì sáré jáde. Kò rántí bọ́ aṣọ iṣẹ́. Kò rántí nǹkan mìíràn náà.

Egungun itan ọkọ rẹ̀ ló kán, ẹ̀jẹ̀ sì ń ya sínú ẹran ara. Àwọn dókítà ní àwọn ní láti kọ́kọ́ dá ẹ̀jẹ̀ náà dúró, kí àwọn tó lè to egungun lọ́jọ́ kejì. Ìyá Abẹ́rẹ́ jókòó sórí bẹ́ǹṣì nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀, ibẹ̀ náà ló ti rí ilẹ̀ tó ṣú, ibẹ̀ ló ti rí ilẹ̀ tó mọ́. Òórùn fínígà tó wà lára aṣọ rẹ̀ kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni jókòó tì í. Nígbà tí wọ́n gbé ọkọ rẹ̀ wọ yàrá iṣẹ́ abẹ, ó ń wo ilẹ̀kùn náà títí ojú fi ń ro ó. Ní ọ̀sán, dókítà jáde, ó ń bọ́ fìlà orí rẹ̀.

"Màámi, ó ti jí. Ẹsẹ̀ á tò. Ó ń béèrè bóyá wọ́n ti rí ẹni tó máa parí òrùlé yẹn."

Ìyá Abẹ́rẹ́ rẹ́rìn-ín, ó sunkún, ó tún rẹ́rìn-ín. Ara rẹ̀ rọ̀ wọ̀ọ̀. Ọkàn rẹ̀ tó ti há mọ́ ibì kan látàná wá rí àyè díẹ̀, inú àyè yẹn náà ni ìrántí òkúta inú ike wọlé sí. Ó dìde dúró.

"Mo gbé," ó sọ fún ara rẹ̀.

Nígbà tó wọlé lọ kí ọkọ rẹ̀, onítọ̀hún wo ojú rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan. Ohùn rẹ̀ ṣì ń fà nítorí oògùn. "Ọkàn rẹ ò sí níbí. Kí ló ṣẹlẹ̀?"

"Mo fi òkúta sílẹ̀ nínú ásíìdì látàná."

"Kí lo wá ń ṣe níbí? Èmi ò kúkú lè lọ síbì kankan. Máa lọ."

Kọ́kọ́rọ́ yàrá iṣẹ́ náà kan wà nínú báàgì rẹ̀, èkejì wà lọ́wọ́ Ọ̀jọ̀gbọ́n, tó rìnrìn àjò lọ sípàdé àwọn onímọ̀ ẹgbẹ́ rẹ̀. Kò sẹ́ni tó lè wọbẹ̀. Nígbà tó ṣílẹ̀kùn, omi inú ike ti dàrú bí omi ọṣẹ. Ó wọ ìbọ̀wọ́, ó gbé òkúta náà jáde, ó gbé e sábẹ́ omi ẹ̀rọ. Òkúta ẹfun ti lọ sílẹ̀ ju bó ṣe máa ń lọ. Egungun ìhà mìíràn ti jáde, ó yọ gbọọrọ. Lójú ẹni tí kò mọ̀, á rẹwà. Ṣùgbọ́n bí ìdọ̀tí ṣe ń ṣàn kúrò, ihò ń yọ. Ihò róbótóróbótó, òmíràn bí orí ìṣáná, òmíràn kò tó bẹ́ẹ̀, wọ́n kún ara egungun náà bí ẹni pé ẹnì kan ló fi ìṣó lu ú káàkiri. Ó fi ìka tọ́ ọ̀kan wò, ó sì yára fà á padà.

Kò jókòó rò ó. Ó pe Ọ̀jọ̀gbọ́n lórí fóònù lójú ẹsẹ̀.

"Ọ̀jọ̀gbọ́n, mo ti ba egungun yìí jẹ́," ó sọ, ó sì ròyìn gbogbo rẹ̀, kò fi kún un, kò yọ kúrò níbẹ̀.

Ọ̀jọ̀gbọ́n kọ́kọ́ béèrè ọkọ rẹ̀. "Bàbá ńkọ́?"

"Wọ́n ti ṣiṣẹ́ abẹ fún wọn. Wọ́n ti jí."

"A dúpẹ́. Ẹ fi omi tó mọ́ ṣàn án dáadáa, ẹ má fọwọ́ kan nǹkan kan mọ́. Mo ń bọ̀ lọ́la."

Ó dé lóòótọ́. Ó gbé báàgì ìrìn àjò sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà, ó tẹrí mọ́ egungun náà, ó sì ń yẹ àwọn ihò náà wò lọ́kọ̀ọ̀kan. Ì bá dùn mọ́ Ìyá Abẹ́rẹ́ ká ní ó bú òun. Lẹ́yìn-ọ-rẹyìn, ó bọ́ awò ojú rẹ̀, ó nù ún.

"Ó jọ pé ásíìdì ló jẹ ẹ́," ó sọ. "Mi ò fẹ́ purọ́ fún yín, Mà."

"Mo mọ̀."

"Àmọ́ apá kan ṣì wà láàárín òkúta tí ásíìdì ò tíì dé. Ẹ jẹ́ ká ya àwòrán inú ẹ̀ nílé ìwòsàn. Ó kéré tán, a ó mọ ohun tó kù fún wa."

Ọjọ́ Àìkú nìkan ni ẹ̀rọ ayàwòrán ilé ìwòsàn máa ń ráàyè, tí àwọn aláìsàn kò fi bẹ́ẹ̀ pọ̀. Kí ọjọ́ náà tó pé, Ìyá Abẹ́rẹ́ kò jẹun dáadáa. Kò fọwọ́ kan irinṣẹ́ kankan mọ́. Ó ń rò ó pé òun á padà sídìí ẹ̀rọ ìránṣọ, níbi tó jẹ́ pé ohun tó bá bàjẹ́, èèyàn lè ra irú ẹ̀ lọ́jà. Ọkọ rẹ̀ ń wò ó láti orí bẹ́ẹ̀dì.

"Ṣé wọ́n lé ẹ níṣẹ́ ni?"

"Wọn ò lé mi."

"Ṣé wọ́n bú ẹ ni?"

"Wọn ò bú mi."

"Kí ló wá dé?"

"Ó ti wà nínú òkúta yẹn látìgbà tí èèyàn ò tíì sí láyé," ó dáhùn. "Nǹkan kan ò ṣe é. Àfìgbà tó bọ́ sọ́wọ́ mi."

Káfíńtà di ọwọ́ rẹ̀ mú, kò sì fi í sílẹ̀ títí nọ́ọ̀sì fi wá lé ìyàwó jáde.

Nígbà tí ọjọ́ Àìkú dé, wọ́n gbé òkúta náà sórí bẹ́ẹ̀dì onítáyà, wọ́n fi aṣọ funfun bò ó, wọ́n ń tì í lọ nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀. Bàbá àgbàlagbà kan tó wá kí aláìsàn ṣí fìlà bí wọ́n ṣe ń kọjá. Ó wo ojú Ìyá Abẹ́rẹ́, àánú rẹ̀ ṣe é.

"Ẹ pẹ̀lẹ́, ìyá. Ṣé ó ti pẹ́ tó ṣaláìsí?"

"Ó ti pẹ́, sà," Ìyá Abẹ́rẹ́ dáhùn.

Ọkùnrin tó ń bójú tó ẹ̀rọ náà, Fọ́tò ni gbogbo ilé ìwòsàn ń pè é. Òun kan náà ló ya àwòrán itan Káfíńtà. Ó ran àwọn obìnrin méjèèjì lọ́wọ́ láti to òkúta sórí pákó ẹ̀rọ, ó sì ní, "Èyí máa rọrùn. Mi ò ní máa bẹ̀ ẹ́ pé kó má mira." Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Ó kó wọn lọ sẹ́yìn gíláàsì, ó tan ẹ̀rọ.

Àwòrán bẹ̀rẹ̀ sí í jáde, ìpele kan tẹ̀ lé èkejì, bí ìgbà tí wọ́n ń gé búrẹ́dì. Ọ̀jọ̀gbọ́n fi imú kan gíláàsì kọ̀ǹpútà tán. Lójijì ó gbé ọwọ́ sókè.

"Ẹ padà sẹ́yìn díẹ̀. Ẹ dúró níbẹ̀. Apá wo nìyí?"

"Àárín gan-an," Fọ́tò dáhùn. "Ibi tí òkúta ti nípọn jù."

"Ihò wà níbẹ̀."

Gbólóhùn yẹn nìkan ni Ìyá Abẹ́rẹ́ gbọ́. "Ó ti jẹ ẹ́ débẹ̀ yẹn?"

"Rárá, Mà. Rárá. Ẹ sún mọ́bí." Ọ̀jọ̀gbọ́n fà á lọ́wọ́. "Ẹ wò ó, òkúta bo ibẹ̀ gbọin-gbọin yíká. Ásíìdì ò lè gba inú òkúta ẹfun kọjá láìjẹ ẹ́, kó wá lọ bá egungun láàárín. Ẹ tún wo ihò náà. Ẹnu ẹ̀ kéré, inú ẹ̀ fẹ̀ bíi ti kèrègbè. Ẹrẹ̀ òkun ló sì kún inú ẹ̀. Kí ẹrẹ̀ tó bò ó mọ́lẹ̀ ni ihò yìí ti wà níbẹ̀."

"Ta ló wá lu ú?"

"Àràn ni, Mà. Àràn ló jẹ ẹ́."

Ó ṣàlàyé rẹ̀ fún wọn níbẹ̀, ó ń fi ìka ya nǹkan lójú gíláàsì. Àràn kan wà nínú ibú òkun títí dòní, tí kò lẹ́nu, tí kò sì níkùn. Á lẹ̀ mọ́ egungun àbùùbùtán tó ti kú, á ta gbòǹgbò wọnú rẹ̀ bí igi, á sì máa fa ọ̀rá inú egungun náà mu nínú òkùnkùn. Ara rẹ̀ rọ̀ ju kí ó di òkúta lọ. Tó bá kú, ó ti jẹrà nìyẹn, kò ní fi egungun sílẹ̀, kò ní fi ìkarahun sílẹ̀. Yàrá tó gbẹ́ fún ara rẹ̀ nìkan ló lè ṣẹ́ kù. Ọ̀jọ̀gbọ́n ti ń wá irú yàrá bẹ́ẹ̀ nínú òkúta ìgbà yẹn láti bí ọdún mélòó kan sẹ́yìn. Ṣùgbọ́n ásíìdì ti fọ ẹrẹ̀ kúrò nínú àwọn ihò tó wà lára egungun tó ti jáde, ìyẹn ni kò fi dá wọn mọ̀.

"Ẹ̀yin kọ́ lẹ lu ihò yẹn, Mà," ó sọ. "Ẹ̀yin lẹ ṣí i."

Ìyá Abẹ́rẹ́ jókòó sórí àga àwọn aláìsàn. "Kò lẹ́nu?"

"Kò ní."

"Ó wá jẹ ẹ́ báyìí?"

Ẹ̀rín pa á, kò lè dá a dúró mọ́. Fọ́tò náà bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín láìmọ ìdí. Ọ̀jọ̀gbọ́n jókòó ti Ìyá Abẹ́rẹ́, ó bọ́ awò ojú, ó fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu ojú.

"Èmi náà gbà pé ẹ̀yin ni," ó sọ. "Ẹ má bínú, Mà. Mi ò sùn dáadáa látìgbà tí mo ti dé."

"Bẹ́ẹ̀ náà lèmi," Ìyá Abẹ́rẹ́ dáhùn. "Ẹ jẹ́ ká lọ jẹun."

Ṣùgbọ́n kó tó lọ jẹun, ó gun òkè lọ bá ọkọ rẹ̀. "Àràn ló jẹ ẹ́," ó sọ láti ẹnu ọ̀nà.

"Àràn wo?"

"Àràn tí kò lẹ́nu."

Káfíńtà wò ó fínnífínní. "Ó yẹ kí wọ́n fún ìwọ náà ní bẹ́ẹ̀dì níbí." Nígbà tó ti gbọ́ ọ̀rọ̀ náà tán, ó ní, "Àṣé ní gbogbo ìgbà tí mo fi dùbúlẹ̀ síbí, egungun ẹlòmíì lò ń sunkún lé lórí." Ìyàwó rẹ̀ fi ìrọ̀rí nà án ní èjìká, níbi tí kò dùn ún.

Kì í ṣe pé ohunkóhun kò bàjẹ́ rárá. Etí egungun ìhà kan ti rún nínú ásíìdì, kò sì lè padà bó ṣe wà. Ìyá Abẹ́rẹ́ fi gúlù lẹ ohun tó ṣeé lẹ̀, ó sì sọ fún Ọ̀jọ̀gbọ́n pé kó kọ ọ́ síbi tó bá ń kọ gbogbo rẹ̀ sí pé òkúta náà pẹ́ jù nínú ike. Ọ̀jọ̀gbọ́n kọ ọ́. Láti ìgbà náà, kọ́kọ́rọ́ yàrá yẹn kan ń bẹ lọ́wọ́ àwọn ẹ̀ṣọ́ ẹnu ọ̀nà pẹ̀lú.

Ó padà sídìí iṣẹ́, ó ń yọ ìyókù jáde. Ó rí ìkarahun ìgbín òkun tí kò tóbi ju èékánná lọ, ó rí irú ìkarahun aláwẹ́ méjì kan tó dì pọ̀ mọ́ ìdí egungun ẹ̀yìn, irú èyí tó ṣì ń gbé lára òkú àbùùbùtán nínú ibú títí dòní. Ó tún rí i pé ihò kún ẹ̀gbẹ́ kan egungun náà, ṣùgbọ́n ẹ̀gbẹ́ kejì ń dán, kò ní ẹyọ ihò kan. Ọ̀jọ̀gbọ́n sọ fún un pé ẹ̀gbẹ́ tó wọ inú ẹrẹ̀ ni èyí tó ń dán yẹn, níbi tí àràn kò lè dé. Bí wọ́n ṣe mọ ẹ̀gbẹ́ tí àbùùbùtán náà fi sùn nìyẹn, àti pé ìgbà tó sùn síbẹ̀, kò dá sùn. Odindi àdúgbò kan ti jẹun lára rẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún, níbi tí ìmọ́lẹ̀ kan kò dé rí.

Káfíńtà ti ilé ìwòsàn padà sílé lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ó ń fi igi ìtilẹ̀ méjì rìn. Ó jókòó sẹ́nu ọ̀nà, ó na ẹsẹ̀ sórí àpótí. Ìyàwó rẹ̀ gbé àga tirẹ̀ wá sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í sọ bí ibi iṣẹ́ ṣe rí lọ́jọ́ náà fún un. Ó sọ ọ́ dé àárín, ọ̀rọ̀ náà dúró. Nígbà tí ọkọ rẹ̀ máa yíjú sí i, ó ti sùn lọ, orí rẹ̀ fì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ẹnu rẹ̀ là díẹ̀.

Obìnrin tó ń gbé ilé kejì yọjú wá kí wọn káàbọ̀. Káfíńtà gbé ìka sétè.

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ padà wá lálẹ́," ó sọ wúyẹ́wúyẹ́. "Ó ti pẹ́ tó ti sùn báyìí kẹ́yìn."